Ohùn Tí Wọ́n Fi Mọ Ottavia

Ìka méjì. Ìka ìlábẹ̀ àti èyí tó tẹ̀ lé e. Ottavia Marchegiani á gbé wọn sókè, á rọra fi wọ́n kan ọ̀fun rẹ̀ lábẹ́ àgbọ̀n, bí ẹni ń wò ó bóyá omi ti gbóná. Lẹ́yìn náà ni ẹnu rẹ̀ á tó là.

Gbogbo ẹni tó ń wo sinimá ní Róòmù ló mọ ìka méjì yẹn. Ìyá ọkọ tó burú. Ọmọ ọ̀dọ̀ tó mọ àṣírí ilé. Sísítà ìjọ Àgùdà. Opó tó ń ta òdòdó. Ó lé ní ogójì ọdún tó fi ṣe é, orúkọ rẹ̀ kò sì ṣíwájú rí lára pátákó ìpolówó. Ìyẹn kò dùn ún. Ohun tó dùn ún ni pé kò sí ẹni tó gbọ́ ohùn rẹ̀ rí.

Bí wọ́n ṣe ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀ nìyẹn. Wọ́n á ya àwòrán láàárín ariwo òòlù àti ìjà àwọn kápẹ́ńtà. Tó bá yá, ẹlòmíràn á dúró nínú yàrá tó ṣókùnkùn, á wá fi ọ̀rọ̀ sẹ́nu òṣèré. Ohun tó bá wu òṣèré ló lè máa wí níwájú kámẹ́rà, kí ẹnu rẹ̀ ṣáà ti máa mì. Ottavia ti sunkún rí lórí òkú ọmọ rẹ̀, bí wọ́n ṣe ń se ẹ̀wà ló sì ń kà. Gbogbo ìlú bá a sunkún. Ohùn tí wọ́n gbọ́, ohùn tó nípọn, tó dà bí èéfín, ti Nives Carraro ni. Àwọn méjèèjì ò pàdé rí.

Èmi àti Ottavia jọ ń gbé ilé kan náà ní àdúgbò Quadraro, òun lókè, èmi nísàlẹ̀. Mo mọ bí inú rẹ̀ ṣe dùn lọ́jọ́ tí Corrado pè é. Olùdarí tuntun, tí kì í fi ohùn ẹlòmíràn sínú fíìmù rẹ̀. Ìyá àgbà ni yóò ṣe. Ọ̀rọ̀ gidi, lẹ́nu ara rẹ̀.

Ó sọ gbólóhùn àkọ́kọ́. Corrado dá iṣẹ́ dúró.

"Màmá, ẹ má bínú. Ohùn yín ni mo fẹ́."

"Èwo wá ni mo fi ń bá ẹ sọ̀rọ̀ yìí?"

"Èyí tí mo ti mọ̀ láti kékeré. Èyí ń dún bí ìlẹ̀kùn tí wọn ò ta epo sí. Ẹ lọ sinmi. Tó bá di ọjọ́ Ajé tí ohùn náà kò tíì wá, màá ní láti wá ẹni tó máa bá yín sọ ọ́."

Ottavia darí wálé, ó jókòó sórí àtẹ̀gùn.

"Ohùn mi ò jọ ohùn mi," ló sọ fún mi.

Lọ́jọ́ kejì, a béèrè ilé Nives, a sì wọkọ̀ lọ bá a ní àdúgbò Testaccio. Arúgbó kan ṣílẹ̀kùn, síbí ọbẹ̀ lọ́wọ́.

"Háà! Ẹnu tí mo fi jẹun ní gbogbo ayé mi! Wọlé jàre."

Ohùn tín-ín-rín. Bíi ti ẹyẹ. Èmi àti Ottavia wo ara wa.

"Ohùn yẹn dà?" ni Ottavia bi í.

"Ohùn wo?"

"Tèmi. Tìẹ. Èyí tó wà nínú sinimá."

"Ìwọ lo ni ín! Mo rí i tó o fi ìka méjì kan ọ̀fun. Mo ní, eléyìí ò lè jẹ́ olóhùn tín-ín-rín láéláé. Mo fi ìka tèmi náà kan ọ̀fun, mo tẹ̀ ẹ́ díẹ̀, ló bá jáde. Mo rò pé bó o ṣe ń sọ̀rọ̀ nìyẹn."

"Iná tí wọ́n ń tàn sí wa níwájú kámẹ́rà ló máa ń mú ọ̀fun mi gbẹ. Mo kàn ń wò ó bóyá mo ṣì lè gbé itọ́ mì ni."

"Yéè! Ẹlẹ́tàn!" Nives rẹ́rìn-ín títí síbí fi bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ó mú un nílẹ̀. "Ta ló wá ni ín?"

A jẹ ẹ̀wà. Lẹ́yìn náà ni Nives di ìka Ottavia mú, ó gbé e síbi tó yẹ.

"Tẹ̀ ẹ́. Ó tó! O fẹ́ fún ara ẹ lọ́rùn pa ni? Díẹ̀díẹ̀."

Nígbà tí alẹ́ fi máa lẹ́, ohùn kan jáde lẹ́nu Ottavia tó mú kí aládùúgbò yọrí lójú fèrèsé.

Ní ọjọ́ Ajé, Corrado gbọ́ ọ, ó dijú.

"Màmá, ẹ ti padà dé."

Ottavia wò mí, bí ẹni tó sọnù sí àdúgbò ara rẹ̀.

Fíìmù náà jáde, ohùn ẹnu rẹ̀ ló sì wà nínú rẹ̀. Láti ìgbà náà, ohùn yẹn ló fi ń sọ̀rọ̀, kódà tó bá lọ ra búrẹ́dì. Tó bá pe àbúrò rẹ̀ ní Ancona lórí fóònù, ìyẹn á ní òun ò mọ ẹni tó ń sọ̀rọ̀.