Kámẹ́rà Kì Í Dá Ọkọ̀ Dúró

Owó tí mo fi ra lítà epo bẹntiróòlù kan láàárọ̀ àná ju owó tí àwa mẹ́rin fi ra odindi mọ́tò lọ nígbà tí a wà ní yunifásítì. N kò bù mọ́ ọn. Bítù àlòkù ni, ọ̀dà ara rẹ̀ ti ṣí, olùkọ́ òyìnbó kan tó ń padà sílùú rẹ̀ ló tà á fún wa. A dáwó rẹ̀ jọ láti inú owó ìrànwọ́ ẹ̀kọ́ wa, ó sì ṣẹ́ kù tí a fi rọ epo kún táǹkì. Kọ́bọ̀ díẹ̀ là ń fi jẹun ọ̀sán nígbà náà. Adìyẹ a máa wà lórí ìrẹsì lọ́jọ́ Àìkú, ẹni tí kò bá yó a sì tún padà lọ gbà sí i. Ní báyìí, omi mímu gan-an ni mò ń fowó rà. Nígbàkigbà tí mo bá ra ike omi ní Lakowe tí mò ń gbé yìí, mo máa ń rántí ọjọ́ àkọ́kọ́ tí a wa Bítù wa gba abúlé yìí kan náà kọjá. Obìnrin kan bu omi fún wa nínú igbá, ó sì fẹ́rẹ̀ẹ́ bínú nígbà tí a ní kó gbowó.

Èmi ni mo máa ń wa ọkọ̀ náà. Ọ̀rẹ́ mi kan tó ń kọ́ iṣẹ́ ẹnjiníà ló máa ń jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, iṣẹ́ tirẹ̀ sì ni kó máa ka ọ̀nà. Ìwé mọ́tò wa kò fi bẹ́ẹ̀ pé. Àwọn awakọ̀ ayé ìgbà náà ní àṣà kan: bí àwọn ọlọ́pàá bá dúró sójú ọ̀nà, ọkọ̀ tó bá ti kọjá lọ́dọ̀ wọn yóò tan iná ojú rẹ̀, á pa á, á tún tan án, kí ẹni tó ń bọ̀ lè mọ̀. Ọ̀rẹ́ mi á ti rí iná náà kí n tó rí i. Á ní, "Yà!" Èmi á sì yà sínú ọ̀nà oko tó bá kọ́kọ́ yọjú, a ó máa wa ọkọ̀ gba inú koríko lọ títí a ó fi jáde níbi tí àwọn ọlọ́pàá kò sí. N kì í bi í pé kí ló dé. Mo ti di arúgbó, ṣùgbọ́n ara mi kò tíì gbàgbé ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo yẹn.

Ní àsìkò òjò tó kọjá, ọ̀rẹ́ mi yìí wà lórí bẹ́ẹ̀dì ní ọsibítù kan ní Oniru. Ẹ̀jẹ̀ ń dà nínú ikùn rẹ̀. Òkè òkun ni àwọn ọmọ rẹ̀ wà, ìyàwó rẹ̀ sì ti kú. Èmi ni dókítà pè láàárọ̀. Ó ní abẹ́rẹ́ tó ń dá ẹ̀jẹ̀ náà dúró ti ń tán lọ́wọ́ àwọn, èyí tó kù kò lè kọjá ọ̀sán. Bí òmíràn kò bá dé kó tó tán, òun kò lè ṣèlérí ohunkóhun fún mi.

Mo pe ilé oògùn kan, mo pe òmíràn, títí mo fi rí i ní Ajah. Wọ́n dì í sínú kúlà kékeré pẹ̀lú yìnyín, nítorí kò gbọdọ̀ gbóná. Àwọn awakọ̀ tí à ń fi fóònù pè gbà láti wá, lẹ́yìn náà wọ́n fagi lé e, ọ̀kan lẹ́yìn èkejì. Ọkọ̀ tèmi ló kù. Láísẹ́ǹsì mi sì ti kọjá àkókò. Àwọn ọmọ mi kò fẹ́ kí n tún un gbà, wọ́n ní kí n jókòó sílé kí n máa ka ìwé. N kò tíì wa ọkọ̀ dé Oniru láti ìgbà tí mo ti fẹ̀yìntì.

Ìyàwó mi ní òun ń bá mi lọ. Ìsìn òwúrọ̀ ló ti ń bọ̀, ní ìjọ aláṣọ funfun tó ń lọ. Bí wọ́n bá ti wọ sùtánà, wọn kì í wọ bàtà, kò sì ráyè pààrọ̀ aṣọ. Báyìí ló ṣe jókòó tì mí, láìwọ bàtà. Nígbà tí a gba kúlà náà ní Ajah, ó gbé e lé itan, ó fi ọwọ́ méjèèjì dì í mú bí ẹni gbé ọmọ tuntun.

Ọmọ wa obìnrin tó wà ní Kánádà ti fi áàpù tó ń júwe ọ̀nà sínú fóònù mi tipẹ́. Mo gbé fóònù náà sí iwájú mi. Obìnrin kan ń sọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì nínú rẹ̀ bí ẹni tí òógùn kò bò rí láyé.

A kò tíì jìnnà sí Ajah nígbà tí fóònù dún. Àwòrán kámẹ́rà kan yọ lójú rẹ̀, obìnrin náà sì sọ pé kámẹ́rà wà níwájú. Gìrì ni mo tẹ bíréèkì. Ọkọ̀ akẹ́rù tó kó sìmẹ́ǹtì lẹ́yìn wa fẹ́rẹ̀ẹ́ gun wa lórí. Nígbà tó ń kọjá, awakọ̀ rẹ̀ yọrí jáde.

"Bàbá, ṣé ẹ fẹ́ kú ni, àbí ẹ kàn fẹ́ kí n lọ ṣẹ̀wọ̀n?"

Ìyàwó mi ní, "Dádì, kí lẹ rí?"

"Ọlọ́pàá wà níwájú."

"Èmi ò rí ọlọ́pàá kankan."

"O ò lè rí wọn. Wọ́n ti sá pamọ́ pẹ̀lú kámẹ́rà wọn."

Ohun tí mo rò nìyẹn. Mo ti rí àwọn òṣìṣẹ́ ojú ọ̀nà rí tí wọ́n dúró sẹ́yìn igi pẹ̀lú ẹ̀rọ lọ́wọ́, mo sì rò pé àwọn ni fóònù ń ta mí lólobó sí. Bí wọ́n bá dá mi dúró, wọ́n á bèèrè láísẹ́ǹsì. Bí wọ́n bá rí láísẹ́ǹsì, wọ́n á gba ọkọ̀. Kúlà á wà nínú oòrùn. Mo ń wọ́ lọ bí ìgbín. A kọjá, kò sí ẹnikẹ́ni. Mo ní orí ló yọ wá.

Ọ̀nà ń lọ, ọkọ̀ ń fò kọjá lọ́tùn-ún lósì. Nígbà tí a sún mọ́ Jakande, fóònù tún dún. Kámẹ́rà níwájú. Mo wo iwájú, mo rí i pé àwọn ọkọ̀ ń dẹ eré. Ọ̀rọ̀ ọ̀rẹ́ mi àtijọ́ dún jáde nínú mi: Yà!

Mo yà.

Òjò ti rọ̀ mọ́jú. Láàárín àwọn ilé ìjọba tó wà ní Jakande, omi ti bo títì. N kò mọ ibi tí gọ́tà wà títí táyà iwájú fi wọ inú rẹ̀ lọ. Mo tẹ iná, ọkọ̀ pariwo, kò kúrò lójú kan. Obìnrin inú fóònù ní kí n yí padà. Ó tún ní kí n yí padà. Kò bínú rárá, ìyẹn gan-an ló sì ń bí mi nínú. Mo wo oòrùn, mo wo kúlà. Mo gbé orí lé ọwọ́ ọkọ̀, n kò sì mọ ohun tí mo lè ṣe.

Ìyàwó mi gbé kúlà fún mi, ó ṣílẹ̀kùn, ó sì bọ́ sínú omi pẹ̀lú sùtánà. Omi náà dé orúnkún rẹ̀. Ó kọrí sí àwọn lébìrà tó ń pò kọnkéré nídìí ilé kan tí wọ́n ń kọ́. Onímárúwá kan tó dúró sórí ilẹ̀ gbígbẹ pè é.

"Ìyá Ìjọ, ẹ bá wa fi ọ̀pá na omi yìí, kó pín sí méjì, ká lè kọjá."

Kò wojú rẹ̀. "Ìwọ wá bá mi gbé mọ́tò ná. Tí a bá gbé e tán, mo máa pín omi náà fún ẹ."

Àwọn lébìrà rẹ́rìn-ín, wọ́n sì tẹ̀ lé e. Ará Ọ̀ṣun ni wọ́n, mo gbọ́ ọ lẹ́nu wọn. Onímárúwá náà ká ṣòkòtò sókè, ó wọ inú omi. Wọ́n ń gbé ọkọ̀ lọ́wọ́ nígbà tí fóònù ìyàwó mi tó fi sílẹ̀ lórí ìjókòó dún. Mo rí orúkọ ọ̀rẹ́ mi lójú rẹ̀, mo gbé e. Mo rò pé nọ́ọ̀sì ni yóò sọ̀rọ̀. Òun gan-an ni.

"Ìyàwó wa, ẹ dé ibo?" Ohùn rẹ̀ dà bí ti ẹni tó wà nísàlẹ̀ kànga.

"Èmi ni. Jakande la wà."

"Kí lo lọ ṣe ní Jakande? Ṣé o fẹ́ ra fúláàtì ni?"

"Ọlọ́pàá wà lójú títì. Fóònù ló sọ fún mi, mo wá yà."

"Kí ni fóònù wí gan-an?"

"Ó ní kámẹ́rà wà níwájú."

Mo gbọ́ tó ń rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín náà di ikọ́, mo gbọ́ nọ́ọ̀sì tó ní, "Bàbá, ẹ má sọ̀rọ̀ mọ́." Ó kàn ń bá ọ̀rọ̀ rẹ̀ lọ.

"Ìwọ ọkùnrin yìí. Kámẹ́rà kì í dá ọkọ̀ dúró. Orí òpó irin ló wà, kò lẹ́sẹ̀ tí yóò fi wá bá ọ, kò sì mọ láísẹ́ǹsì. Nọ́ńbà ọkọ̀ rẹ ló ń wò. Ṣé o rí òrùka pupa kékeré kan lójú fóònù, tí nọ́ńbà wà láàárín rẹ̀?"

"Mo rí i."

"Eré tí ìjọba fẹ́ kí o sá nìyẹn. Bí o kò bá kọjá rẹ̀, kámẹ́rà kò rí ọ. Bí o bá kọjá rẹ̀, á ya fọ́tò rẹ, wọ́n á fi ìwé owó ìtanràn ránṣẹ́ sílé. Kò jù bẹ́ẹ̀ lọ. Èyí tó bá ní àwòrán iná títì lára, àwọn tó ń gba iná pupa kọjá nìyẹn ń ṣọ́. Tí iná kò bá pupa, má dúró."

"Àwòrán ọlọ́pàá tún wà níbẹ̀ nígbà mìíràn."

"Ìyẹn ọ̀tọ̀. Àwọn awakọ̀ bíi tìẹ ló fi ìyẹn síbẹ̀ kí àwọn tó ń bọ̀ lẹ́yìn lè mọ̀. Iná ojú mọ́tò wa àtijọ́ ni. Ó sì ṣeé ṣe kí àwọn ọlọ́pàá náà ti lọ." Ó mí. "Padà sójú títì. Má pa fóònù yìí. Màá ka ọ̀nà fún ọ."

Ọkọ̀ jáde kúrò nínú gọ́tà. Ìyàwó mi wọlé, ẹrẹ̀ ti dé ìbàdí sùtánà rẹ̀, ó sì gba kúlà. Onímárúwá náà ṣáájú wa dé ojú títì, ó fọwọ́ dá àwọn ọkọ̀ dúró kí a lè bọ́ sójú ọ̀nà.

Báyìí ni ọkùnrin tó dùbúlẹ̀ ní Oniru ṣe ń ka ọ̀nà fún mi. Á ní, "Kí lo rí?" Ìyàwó mi á wo fóònù tèmi, á ní, "Bọ̀dá, kámẹ́rà, òrùka pupa wà níbẹ̀." Á ní, "Kó dẹ ẹsẹ̀ díẹ̀. Kó má dúró." Díẹ̀díẹ̀ ni ohùn náà ń tín-ín-rín. Ó bèèrè ohun tí a rí ní Ikate. Nígbà tí a dáhùn, kò sọ nǹkan kan. Ìyàwó mi pè é. Mo pè é. Ariwo ẹ̀rọ nìkan là ń gbọ́, àti ẹsẹ̀ ẹni tó ń sáré, àti ohùn ọkùnrin kan tó ń bèèrè pé ibo ni abẹ́rẹ́ náà wà.

Ìyàwó mi bẹ̀rẹ̀ sí í gbàdúrà, ohùn rẹ̀ kò ga. Fóònù tèmi dún. Kámẹ́rà níwájú. Òrùka pupa ń ṣẹ́jú, ojú ọ̀nà sì là síwájú mi. Mo ti mọ ohun tó ń sọ fún mi báyìí, mo sì mọ ohun tó lè ṣe àti ohun tí kò lè ṣe. Mo tẹ iná mọ́ ọkọ̀.

"Dádì, ó ti ya fọ́tò wa."

"Jẹ́ kó yà á."

Nọ́ọ̀sì kan ti dúró lẹ́nu ọ̀nà ọsibítù. Ó já kúlà gbà lọ́wọ́ ìyàwó mi, kò kí wa, ó sáré wọlé. Wọn kò jẹ́ kí a tẹ̀ lé e. A dúró ní kọ́rídọ̀, omi ń kán sílẹ̀ láti ara sùtánà. Nígbà náà ni a rántí pé a kò tíì pa fóònù. Ti ọ̀rẹ́ mi ṣì wà lórí bẹ́ẹ̀dì lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ìyàwó mi gbé e sáàárín etí àwa méjèèjì. A gbọ́ nígbà tí wọ́n ṣí kúlà. A gbọ́ tí dókítà ní, "Ó ṣì tutù." A gbọ́ tí wọ́n ń pe orúkọ rẹ̀ léraléra, bí a ti máa ń pe ẹni tí oorun gbé lọ. Kò dáhùn, bátìrì fóònù ìyàwó mi sì kú.

N kò lè sọ bí a ṣe pẹ́ tó níbẹ̀. Ìyàwó mi kúnlẹ̀ sórí táìlì. Èmi kàn ń wo ilẹ̀kùn náà, mo ń bẹ̀ ẹ́ pé kó má ṣí, mo tún ń bẹ̀ ẹ́ pé kó ṣí. Nígbà tí dókítà jáde, ó ní ẹ̀jẹ̀ ti ń dáwọ́ dúró, ó sì ní kí wọ́n wá bàtà fún màmá.

Ìwé owó ìtanràn náà dé lẹ́yìn ìgbà díẹ̀, pẹ̀lú fọ́tò. Ojú mi kò hàn nínú rẹ̀, sùtánà nìkan ló hàn. Nígbà tí mo sọ fún ọ̀rẹ́ mi, ó ní, "Ó kéré tán, ṣé o rẹ́rìn-ín sí i?" Mo san owó náà, mo sì lọ tún láísẹ́ǹsì mi gbà. Àwọn ọmọ mi kò bá mi jà.

Nínú àwa mẹ́rin tó ra Bítù, ẹni tó ń tọ́jú owó wa ti kú tipẹ́, nígbà tó ṣì wà lẹ́nu iṣẹ́ ọba. Ẹni tó máa ń sùn lẹ́yìn ọkọ̀ kú sí Amẹ́ríkà, inú fóònù la ti wo ìsìnkú rẹ̀. Òyìnbó tó tà á fún wa, n kò gbúròó rẹ̀ mọ́, ṣùgbọ́n yóò ti kú. Obìnrin tó bu omi fún wa ní Lakowe ti kú, àwọn ọmọ rẹ̀ sì ti ta ilẹ̀ náà. Ìyàwó mi wà láàyè. Ẹni tó ń ka ọ̀nà wà láàyè, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò lè dìde mọ́. Èmi náà wà.