Ẹni Tí Kò Fọwọ́ Kan Ọmọ Odó

Iná lọ láàárín orin. Kò sí ẹni tí irú èyí ń yà lẹ́nu ní Bódìjà nígbà náà. Ohun tí ó yà mí lẹ́nu ni pé ìdajì ẹgbẹ́ olórin wa dákẹ́, ìdajì kejì sì ń bá orin lọ. Inú garéèjì Ọ̀gá tí ń darí wa ni a wà. Wọ́n ti ilẹ̀kùn onírin ibẹ̀ nítorí igbe màlúù tí ń ti ọ̀nà ọjà wá, òkùnkùn ìrọ̀lẹ́ sì dé bò wá bí ìgbà tí a da aṣọ bo àgò adìẹ. Àwa tí à ń ta fayolíìnì sọ ọrun wa kalẹ̀, nítorí a kò rí ìwé orin tí ó wà níwájú wa mọ́. Àwọn ọkùnrin mẹ́ta tí wọ́n ń ṣeré ní hòtẹ́ẹ̀lì kan ní àdúgbò Challenge, onífèrè, onígìtá àti onílù àkúbà, kò ṣe bí ẹni tí nǹkan ṣẹlẹ̀ sí. Orin wọn ń rìn lọ nínú òkùnkùn, ara rẹ̀ yá gágá.

A gbọ́ ẹ̀rín láti ibi tí Ọ̀gá dúró sí. "Ẹ̀yin ọ̀mọ̀wé mi, iná ló lọ o. Etí yín ò lọ."

Ni a bá tún gbé ọrun, a ń wá ojú orin kiri bí ẹni tí ń fi ẹsẹ̀ wá sálúbàtà lábẹ́ ibùsùn. A rí i nígbẹ̀yìn. Nígbà tí ìyàwó Ọ̀gá gbé àtùpà wọlé, gbogbo wa ti ń ṣe é pọ̀, Ọ̀gá sì ti ká ọwọ́ sẹ́yìn, wọ́n di ojú, wọ́n ń mi orí. Láti ọjọ́ náà lọ, yálà iná wà tàbí kò sí, wọ́n a ní kí a ta orin náà lẹ́ẹ̀kan láìwo ìwé, láìwo ọwọ́ tí àwọn fi ń darí wa pẹ̀lú.

Mo máa ń kọ ohun tí ojú mi bá rí lójoojúmọ́ sílẹ̀ báyìí, ṣùgbọ́n n kò tíì ní irú àṣà bẹ́ẹ̀ ní ọmọ ọdún mọ́kànlá, nítorí náà n kò lè fọwọ́ sọ̀yà lórí gbogbo ohun tí mo fẹ́ sọ. Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin ní garéèjì náà kò ní ilẹ̀kùn kankan rí. Ó ṣeé ṣe kí n ti di ìrọ̀lẹ́ púpọ̀ pọ̀ di ẹyọ kan. Òórùn ibẹ̀ ni mo gbẹ́kẹ̀ lé jù: oje igi tí à ń fi pa irun ọrun, epo tí onífèrè ń kán sínú fèrè idẹ rẹ̀, kẹrosíìnì, àti ẹ̀pà sísun tí ìyàwó Ọ̀gá máa ń gbé ka orí bónẹ́ẹ̀tì ọkọ̀ wọn, èyí tí a tì síta kí àyè lè gbà wá. Bí mo bá gbóòórùn ẹ̀pà sísun lónìí, ìka ọwọ́ òsì mi a máa wá okùn tí yóò tẹ̀.

Aládùúgbò wa ni Ọ̀gá. Ògiri kan ṣoṣo ló pààlà láàárín ilé wọn àti tiwa. Wọ́n ga, wọ́n tẹ́ẹ́rẹ́, irun iwájú wọn ti funfun, ṣùgbọ́n ọwọ́ wọn kò dàgbà rárá. Bí wọ́n bá jókòó mu gààrí, ènìyàn lè mọ irú orin tí ń bẹ lọ́kàn wọn láti inú bí ṣíbí ṣe ń yí abọ́ ká. Bàbá mi ló sọ ìtàn wọn fún wa díẹ̀díẹ̀. Dùùrù ìjọ Onítẹ̀bọmi ní Ògbómọ̀ṣọ́ ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀, nígbà tí ẹsẹ̀ wọn kò tíì kanlẹ̀ lórí àga rẹ̀. Wọ́n wá sí Ìbàdàn láti kọ́ṣẹ́ tíṣà, ṣùgbọ́n fèrè idẹ fà wọ́n wọ ilé ijó kan ní Dùgbẹ̀, wọ́n sì di ẹni tí ń fọn orin háílàìfù. Ìròyìn ọ̀hún ṣáájú wọn dé ilé. Ìyá wọn, tí ó jẹ́ ẹni tí ń dá orin fún àwọn obìnrin ìjọ, tí ó sì jẹ́ pé òun gan-an ló kọ́ ọmọ náà lórin, búra pé etí òun kò ní gbọ́ orin kankan lọ́wọ́ rẹ̀ mọ́. Nígbà tí Ọ̀gá ré òkun kọjá lọ kọ́ bí a ti ń darí ẹgbẹ́ olórin ńlá, tí wọ́n padà dé, tí àwọn ènìyàn pàtàkì ń wọ kóòtù lọ wò wọ́n, Màmá, bí gbogbo wa ti ń pe ìyá wọn, kò wá. Bí àwọn ará ìjọ bá béèrè iṣẹ́ tí ọmọ wọn ń ṣe, Màmá a ní tíṣà ni.

Ọ̀gá kò sì fi háílàìfù sílẹ̀. Ní ọdún tí mò ń sọ yìí, wọ́n kọ orin gígùn kan tí fayolíìnì yóò bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ bí orin àárọ̀ Ìsinmi, tí fèrè àti gìtá yóò sì wá gbà á, wọn yóò gbé e lọ síbi ijó, títí gbogbo wa yóò fi pàdé níparí rẹ̀. Ìpàdé yìí ni kò rọrùn. Àwa oníwèé kò lè mí láìjẹ́ pé ìwé ní kí a mí. Àwọn ará Challenge ní tiwọn kò mọ bí orin ṣe ń parí. Ní hòtẹ́ẹ̀lì, orin kì í parí títí àwọn tí ń jó yóò fi lọ jókòó. Ojú agbo ni onígìtá ń wò. Nínú garéèjì, kò sí ẹni tí ń jó, nítorí náà kò sí ẹni tí yóò jókòó. Ọ̀gá a gé orin, àwa a dákẹ́, gìtá a ṣì máa lọ. Olùkọ́ yunifásítì kan láàárín wa béèrè lọ́jọ́ kan pé níbo ni bọ́tìnì tí wọ́n fi ń pa onígìtá yìí wà. Onígìtá ní òun náà ti ń wá èyí tí wọ́n fi ń tan ọ̀mọ̀wé. Ọ̀gá rẹ́rìn-ín títí, lẹ́yìn náà ni wọ́n bẹ ìyàwó wọn pé kí ó dúró sí igun garéèjì, kí ó máa jó, kí ó sì jókòó bí àwọn bá ti wo ojú rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni onígìtá ṣe ń parí níbi tí ó yẹ, ìyàwó Ọ̀gá sì ń sọ pé orin ọkọ òun ti sọ òun di ọmọ ọ̀dọ̀ oníjó.

Ọ̀sẹ̀ tí a ó ta orin gígùn náà níwájú èrò ni Màmá dé láti Ògbómọ̀ṣọ́, wọ́n wá wo ojú lọ́dọ̀ dókítà. Ní ọjọ́ Ìsinmi, wọ́n ní iyán ni àwọn yóò jẹ, kì í ṣe èyí tí ẹni kan dá gún. Ni ìyàwó Ọ̀gá, ìyá mi àti ẹ̀gbọ́n mi bá yí odó kan ká pẹ̀lú ọmọ odó mẹ́ta. Màmá jókòó sórí àpótí, wọ́n tẹ́ ọwọ́ méjèèjì sórí itan, wọ́n ń sọ "hẹ̀n" fún ẹni kìíní, "hẹ̀n" fún ẹni kejì, "hẹ̀n" fún ẹni kẹta, àwọn ọmọ odó sì ń gòkè, wọ́n ń sọ̀ láìfara kanra. Bí ọ̀kan bá fẹ́ pẹ́ tàbí tí ó fẹ́ yá jù, Màmá a gbọ́ ọ kí ó tó balẹ̀. Wọ́n bi ẹ̀gbọ́n mi pé ta ló ń lé e. Ọ̀gá jáde wá wò. Màmá kò yíjú.

"Dúró kó o wo iṣẹ́," ni wọ́n wí. "Wọ́n ní gbogbo èèyàn a máa ṣiṣẹ́ lójú agbo, ìwọ a dúró níwájú wọn, wàá máa juwọ́ bí ẹni tó ń lé eṣinṣin lórí ẹran."

"Bẹ́ẹ̀ ni, Màmá," ni Ọ̀gá dáhùn.

Ọ̀gá rọra gba ẹnu ọ̀nà kékeré ara ògiri wá sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ wa, wọ́n di ògiri mú, wọ́n rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wọn. Wọ́n béèrè lọ́wọ́ bàbá mi bóyá ó rí i pé Màmá kò fọwọ́ kan ọmọ odó. Bàbá mi ní kí wọ́n lọ sọ bẹ́ẹ̀ fún Màmá. Wọ́n ní ẹnu wo ni àwọn yóò fi sọ ọ́. Lẹ́yìn náà ni ẹ̀rín kúrò lójú wọn.

"Àbúrò, ọ̀pọ̀ èèyàn ló ti pàtẹ́wọ́ fún mi. Ẹni tó kọ́ mi lórin ò tíì rí mi lẹ́nu iṣẹ́ rí."

Màmá gbà láti bá wa lọ síbi eré náà. Wọ́n ní kì í ṣe nítorí orin. Àwọn kò lè dá nìkan jókòó ti ajá ni.

Ọ̀sán ọjọ́ Àbámẹ́ta ni, nínú gbọ̀ngàn kan lọ́nà Agbowó. Àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n àti ìyàwó wọn jókòó síwájú, wọ́n gan bí ọ̀pá. Àwọn ọ̀rẹ́ onígìtá láti Challenge kún ẹ̀yìn. Kóòtù dúdú Ọ̀gá ń rùn káfúrà. Màmá wà ní ìlà kìíní, wọ́n di báàgì mú, wọ́n di ojú. Mo rò pé ìró olómi aró ni wọ́n wọ̀. Ẹ̀gbọ́n mi ní funfun ni.

A bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́. Màmá kò mira. Fèrè gbà á, gìtá tẹ̀ lé e, mo sì rí bàtà Màmá tí ń lu ilẹ̀ bí ẹni pé kì í ṣe tiwọn. Lẹ́yìn náà ni wọ́n dìde. Wọ́n tú etí ìró, wọ́n mú owó bébà kan, wọ́n gun pèpéle tọ ọmọ wọn lọ, wọ́n lẹ̀ ẹ́ mọ́ ọn níwájú orí gẹ́gẹ́ bí a ti í ṣe fún olórin tí ó mọ iṣẹ́. Òógùn dì í mú. Wọ́n wá gba ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀, tòun ti ọ̀pá tẹ́ẹ́rẹ́ tí ó fi ń darí wa, wọ́n ń bá a jó. Àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n ní ìlà iwájú ń wo ojú ara wọn. Ẹ̀yìn gbọ̀ngàn hó yèè.

Ọ̀gá jó. Kí ni ọmọ ìbá tún ṣe? Ṣùgbọ́n bí ó ti ń jó, ojú rẹ̀ ń wò wá. Bí orin bá dúró, ìtìjú ni fún un. Bí orin bá lọ dáadáa láìsí ọwọ́ rẹ̀, Màmá ti jàre, eṣinṣin ló ń lé. Bóyá mo mọ gbogbo èyí nígbà náà ni, bóyá ọgbọ́n àgbà ni mo gbé lé ọmọ lórí, n kò lè sọ.

Orin lọ dáadáa. Òkùnkùn garéèjì ti kọ́ wa. A ta á lọ títí ìwé wa fi parí, àwa oníwèé sì dúró. Ṣùgbọ́n ìyá àgbà kan ṣì ń jó lójú agbo, onígìtá kò sì lè parí. Fayolíìnì méjì kan padà sí ìbẹ̀rẹ̀, òmíràn ń wá ojú orin kiri, onífèrè sáré síwájú, àkúbà fà sẹ́yìn. Màmá dá ẹsẹ̀ dúró. Wọ́n dẹ etí sílẹ̀ gan-an bí wọ́n ti ṣe lórí àpótí lọ́jọ́ Ìsinmi.

"Wọ́n ń gbá ara wọn," ni wọ́n wí. Wọ́n fi ọwọ́ ọmọ wọn sílẹ̀. "Padà síbi iṣẹ́ rẹ."

Ọ̀gá padà, owó ṣì lẹ̀ mọ́ wọn lórí. Wọ́n gbé ọwọ́ sókè, wọ́n ṣà wá jọ ní ọ̀kọ̀ọ̀kan bí ẹni tí ń kó adìẹ wọlé, fèrè, gìtá, àwa, títí a fi ń rìn pọ̀. Màmá sì ń jó níbi tí wọ́n dúró sí, wọ́n ń wo ọwọ́ yẹn. Nígbà tí ó tó, Ọ̀gá yí ojú sí ìyá wọn bí wọ́n ti máa ń yí i sí ìyàwó wọn nínú garéèjì. Ta ló sọ ìtumọ̀ rẹ̀ fún Màmá? Wọ́n sọ̀ kalẹ̀ lórí pèpéle, wọ́n jókòó sórí àga tí ó sún mọ́ wọn jù, àga ọ̀jọ̀gbọ́n kan tí ó ti dìde láti wòran. Orin parí ní ẹ̀ẹ̀kan náà, bí ìgbà tí a dé ìkòkò.

Nípa ọ̀rọ̀ Màmá yìí nìkan ni n kò ṣiyèméjì, nítorí Ọ̀gá kò jẹ́ kí a gbàgbé rẹ̀. Bí ẹnikẹ́ni bá ṣìnà nínú garéèjì lẹ́yìn ìgbà náà, wọ́n a fi ohùn Màmá sọ pé kí ó padà síbi iṣẹ́ rẹ̀, olùkọ́ yunifásítì àti onígìtá a sì jọ rẹ́rìn-ín. Màmá padà sí Ògbómọ̀ṣọ́. Mo gbọ́ pé bí àwọn ará ìjọ bá béèrè iṣẹ́ ọmọ wọn, Màmá kì í pè é ní tíṣà mọ́. Wọ́n a ní ọmọ àwọn ló ń sọ ìgbà tí ọmọ odó yóò balẹ̀.

Mo ti fi fayolíìnì sílẹ̀ tipẹ́. Ìrántí mi pàápàá dà bí iná Bódìjà, àárín orin ló máa ń lọ: ilẹ̀kùn lọ, àwọ̀ ìró lọ, n kò mọ bí a ṣe délé lọ́jọ́ náà. Ṣùgbọ́n bí mo bá ká ọwọ́ sẹ́yìn, tí mo sì di ojú, mo ń gbọ́ gìtá kan tí kò fẹ́ parí, àti ohùn ìyá kan tí ń rán ọmọ rẹ̀ padà sẹ́nu iṣẹ́. Iná ló lọ. Etí mi ò tíì lọ.