Kóòtù Ọ̀daràn

Aránṣọ wa kò gun ẹṣin rí. Ẹṣin pàápàá kò mọ̀ ọ́n. Ṣùgbọ́n láti kékeré ló ti ń wo fíìmù àwọn kọ́bọ̀ì, àwọn tó máa ń wo ara wọn sùn-ùn láàárín títì eléruku kí ìbọn tó dún. Kí ló wọ̀ ọ́ lọ́kàn níbẹ̀? Aṣọ ni.

Òun náà bá rán tiẹ̀. Wẹ́sìkóòtì aláwọ̀ ilẹ̀, akẹtẹ̀ tó fẹ̀ bí abọ́ ìfọṣọ. Màdáàmù tó ni ṣọ́ọ̀bù ńlá ní òun lè gbé e sínú fèrèsé dígí òun, bí òun bá kọ́kọ́ rí i nínú fíìmù kékeré kan. Fíìmù tí kò lọ́rọ̀ nínú. "Aṣọ tó dáa kì í gba agbẹjọ́rò," Màdáàmù wí.

Kí aránṣọ dákẹ́! Ẹni tó ń bá ẹ̀rọ ìránṣọ jiyàn.

"Ẹ gba pínnì, ẹ fi há eyín," ìyàwó ẹ̀ sọ. "Tẹ́ ẹ bá sọ̀rọ̀, ẹ ó gbé e mì."

Wọ́n ká aṣọ kúrò lórí okùn, ẹ̀yìnkùlé di aginjù. Aránṣọ wọ wẹ́sìkóòtì àti akẹtẹ̀, ìyàwó di fóònù mú. Àbúrò ẹ̀, bíríkìlà, di ọ̀daràn nínú kóòtù dúdú gígùn tí aránṣọ fi àjákù aṣọ rán wàràwàrà. Ta ló ń wo ọ̀daràn?

Wọ́n dojú kọra. Kẹ́kẹ́ pa. Ojú aránṣọ ń sọ̀ kalẹ̀ lára ọ̀tá: èjìká, àyà, orúnkún. Ó dúró. Ìṣẹ́tí kóòtù ti tú.

Bíríkìlà yọ ìbọn onígi. Akọni wa ti kúnlẹ̀. Ó yọ abẹ́rẹ́ lára kọ́là, ó ń gán ìṣẹ́tí. Ọ̀daràn na ìbọn sí i lórí, kò mọ èyí tí òun ó ṣe. Ó bá yí ẹ̀gbẹ́ kejì sí i.

Kí aránṣọ tó tu pínnì tán, ìyàwó ti fi fíìmù ránṣẹ́.

Màdáàmù fẹsẹ̀ ara ẹ̀ wá, ó ń nu omijé ẹ̀rín. "Mo gbà á!"

Aránṣọ na wẹ́sìkóòtì sí i.

"Rárá o. Kóòtù ọ̀daràn yẹn."

"Àjákù aṣọ ni, Màdáàmù!"

"Ẹ̀yin fúnra yín kọ́ lẹ kúnlẹ̀ fún un?"

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ má bínú," bíríkìlà dá sí i. "Ara mi ló gbé e yọ."

Màdáàmù ní kó rán irú ẹ̀ sí i. Aránṣọ rán wọn, ó gán ìṣẹ́tí wọn bíi pé ọba ni yóò wọ̀ wọ́n. Màdáàmù dá gbogbo ẹ̀ padà. Títú yẹn gan-an làwọn oníbàárà ń fẹ́.

"Ẹ tú u."

Ìyàwó ló bá a tú u. Aránṣọ kọjú sógiri.