Síìpù Tó Já Lẹ́yìn Mi ní Ọjà'ba

Mo rántí ìgbà tí mo kọ́kọ́ lọ fara han ìyá àfẹ́sọ́nà mi ní Kúdẹtì. Èkó ni wọ́n ti tọ́ mi dàgbà, ìyá mi sì ti kìlọ̀ fún mi pé bí ọkùnrin tí mi ò mọ̀ bá pè mí lójú títì, kí n má wo ọ̀ọ́kán ibẹ̀. Mo wọ kàbà tuntun, mo sọ̀kalẹ̀ nínú mọ́tò ní Ọjà'ba, mo ní kí n fẹsẹ̀ rin ìyókù kí àyà mi lè balẹ̀.

Ọlọ́kadà kan ní, "Sìsí, ẹ dúró ná." Mo pòṣé. Alápatà kan wúkọ́, ó tún wúkọ́. Bí mo ṣe bojú wò ó, ó yára gbójú sí ojú ọ̀run. Mo gbà pé ẹwà mi ló ń yọ wọ́n lẹ́nu, ni mo bá tún ń yan.

Àfi bí alápatà ṣe ké sí ìyá aláta kan níwájú pé, "Ìyá, ẹ bá wa wo ọmọ yín o." Èmi tí mi ò mọ ẹnì kankan níbẹ̀! Ìyá náà nu ọwọ́ sára ìró, ó fà mí sẹ́yìn ìsọ̀ rẹ̀, ó sọ fún mi kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ pé síìpù kàbà mi ti já, ẹ̀yìn mi wà ní gbangba. Ojú tì mí, omi bọ́ lójú mi. Mo ní ilé ìyá ọkọ ni mò ń lọ, kí ló dé tí àwọn ọkùnrin yẹn ò wí?

Ó ní, "Kí ni wọ́n fẹ́ ní àwọn ń wò níbẹ̀? Obìnrin ni wọ́n máa ń wá tó máa bá wọn sọ ọ́. Ìpàkọ́ onípàkọ́ là ń rí, ẹni ẹlẹ́ni ní í bá ni rí tẹni." Ó bọ́ ìborùn rẹ̀, ó fi bò mí lẹ́yìn. "Máa lọ. Tó o bá ṣe tán, gbé e bọ̀."

Ìyá ọkọ mi wò mí tán, inú rẹ̀ dùn. Ó ní ọmọ Èkó wo ló tún ń da ìborùn bora lọ kí àgbà? Ó ní wọ́n kọ́ mi nílé. Mo kúnlẹ̀ dúpẹ́, mo sì fi ẹ̀yìn rìn jáde; ó tún pe ìyẹn náà ní ọ̀wọ̀.

Lọ́jọ́ kejì tí mo dá ìborùn padà, ìyá aláta ní, "Ṣé wọ́n gbà ẹ́?" Mo ní wọ́n gbà mí. Ó ní kò burú, ó yíjú sí oníbàárà rẹ̀. Mo ti di ìyá àgbà ní Kúdẹtì báyìí. Mi ò mọ orúkọ obìnrin yẹn, kò sì bi mí ní tèmi rí, àmọ́ lọ́jọ́ tí mò ń wá ìyá ọkọ kiri, òun ló kọ́kọ́ ṣe ìyá fún mi nílùú yìí.