Obìnrin Tó Ń Pe Orúkọ Wa Kó Tó Tilẹ̀kùn

Bó bá ku díẹ̀ kí wọ́n ti láíbìrì yunifásítì agbègbè wa, obìnrin tó ń tọ́jú àwọn ìwé ìròyìn àtijọ́ á gbé ìwé ìforúkọsílẹ̀ lọ́wọ́, á máa rìn láàárín àwọn pẹpẹ ìwé, á máa pe orúkọ ẹnikẹ́ni tí kò tíì kọ àsìkò tó jáde.

"Ẹni tó bá wọlé níṣojú mi, mo gbọ́dọ̀ rí i kó jáde," ló máa ń wí.

Lọ́jọ́ kan, mo gbàgbé láti kọ ọ́. Mo ti dé ìlú wa ní Ìsàn, mo ti ń bẹ iṣu, kí fóònù mi tó dún. Obìnrin náà ni; ó ti wo nọ́ńbà mi nínú ìwé ìforúkọsílẹ̀.

"Ṣé o ti dé ulé?"

"Mo ti délé, mà."

"Ìwọ ọkùnrin yìí! Mo wá ọ dé ilé ìgbọ̀nsẹ̀, mo tún bẹ̀rẹ̀ wo abẹ́ tábìlì, bí ẹni ń wá ewúrẹ́!"

Mo rẹ́rìn-ín, omi sì bọ́ lójú mi. Èmi nìkan ni mò ń gbé. Nígbà tí àwọn ajínigbé mú mi lọ́nà oko, mo lo ọjọ́ mẹ́rin nínú igbó kí ẹnikẹ́ni tó béèrè mi. Mi ò ní sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Obìnrin náà ti fẹ̀yìn tì báyìí. Ẹni tó gba ipò rẹ̀ kì í pe orúkọ; ó kàn ń paná, á tún tàn án, ká lè mọ̀ pé àkókò ti tó. Mo ṣì ń lọ. Mo máa ń kọ àsìkò tí mo jáde gàdàgbà síwájú orúkọ mi. Tí mo bá sì délé, mo máa ń gbé fóònù sẹ́gbẹ̀ẹ́ mi kí n tó bẹ iṣu.