Kò Tẹ́ Mi Lọ́rùn

Bí ìyálé mi, ìyàwó ẹ̀gbọ́n ọkọ mi, bá fẹ́ ra ilá lọ́jà Òkukù, wọ́n á ṣẹ́ ṣóńṣó rẹ̀ wò, wọ́n á sì dá a padà: "Kò tẹ́ mi lọ́rùn." Bí onídìrí bá dirun fún wọn tán: "Tú u. Kò tẹ́ mi lọ́rùn." Èmi tí gbogbo nǹkan máa ń tẹ́ lọ́rùn, mo máa ń fi wọ́n rẹ́rìn-ín.

Búrẹ́dì làwa méjèèjì ń ṣe. Láyé àwọn ṣọ́jà, àwọn agbowó-orí ní owó orí wa kò pé, kóòtù sì dá wọn láre. Mo kúnlẹ̀ bẹ̀bẹ̀ títí, síbẹ̀ wọ́n gbé ẹ̀rọ tí mo fi ń po ìyẹ̀fun lọ. Ìyálé mi kò bẹ ẹnikẹ́ni. Ìkìrun ni wọ́n gbà lọ bá lọ́yà, wọ́n pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn. Adájọ́ ní kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ kan ẹrù wọn títí ẹjọ́ náà yóò fi parí.

"Ìyàwó, kí ló dé tí o ò sọ pé kò tẹ́ ọ lọ́rùn?" Bí wọ́n ṣe bi mí nìyẹn, tìyẹ̀fun-tìyẹ̀fun lápá.

Láràárọ̀ ni òórùn búrẹ́dì wọn ń gba fèrèsé mi wọlé. Àwọn oníbàárà mi láti Inísà ń gba ẹnu ọ̀nà mi kọjá lọ bá wọn. Mo ń jowú bí ẹni tí wọ́n gba ọkọ lọ́wọ́ rẹ̀.

Lọ́jọ́ kan, wọ́n fi odindi búrẹ́dì kan rán ọkọ mi sí mi. Mo jẹ ẹ́ tán láìbu òkèlè kan fún un.

Ọkọ mi ní, "Ó dùn, àbí?"

Mo nu ẹnu. "Kò tẹ́ mi lọ́rùn."