Wọ́n Pa Máìkì Mọ́ Màmá Lẹ́nu

Wọ́n pa máìkì mọ́ àgbà òṣèré náà lẹ́nu níbi òde tí wọ́n torí rẹ̀ ṣe.

Inú gbọ̀ngàn kan ní Dubai ni, òórùn òdòdó funfun tí àwọn obìnrin Kerala máa ń fi sírun sì gba gbogbo ibẹ̀ kan. Nọ́ọ̀sì ará Kerala tí a jọ ń gbé fúláàtì ní àdúgbò Al Taawun ló mú mi lọ. Chechi ni mo ń pè é, bí wọ́n ṣe ń pe ẹ̀gbọ́n obìnrin nílé wọn. Òun ló fi fíìmù òṣèré yìí, tí gbogbo wọn ń pè ní Màmá, hàn mí. Nígbà èwe Màmá, gbajúmọ̀ òṣèré ọkùnrin kan máa ń kọrin ìfẹ́ fún un nínú òjò nínú fíìmù. Nígbà tó yá, wọ́n ní kó wá ṣe ìyá fún ọkùnrin kan náà, ẹni tó dàgbà jù ú lọ! Síbẹ̀, kò sí ipa tó kéré lójú rẹ̀. Ó lè máa ká aṣọ gbígbẹ láìsọ nǹkan kan, kí èmi tí n kò gbọ́ èdè wọn máa sunkún.

“Ohùn Màmá tí ò ń gbọ́ yẹn, kì í ṣe tiẹ̀ o,” Chechi sọ fún mi lọ́jọ́ kan. Nítorí pé ìpínlẹ̀ mìíràn ló ti wá, wọ́n ní èdè náà kò yọ̀ mọ́ ọn lẹ́nu. Obìnrin mìíràn ni wọ́n ń fi ohùn rẹ̀ dípò tiẹ̀ nínú gbogbo fíìmù. “Mo fẹ́ gbọ́ ohùn rẹ̀ gan-an kí n tó kú.”

“Ṣé ti áńgẹ́lì ni, Chechi?”

“Dákẹ́ jàre, ìwọ tó o máa ń sunkún jù!”

Lọ́jọ́ òde náà, Màmá ní òun fẹ́ fi ẹnu ara òun ṣe eré díẹ̀ fún wa. Kò tíì sọ gbólóhùn kan tán tí gbajúmọ̀ yẹn fi yọ lẹ́nu ọ̀nà. Kíá, máìkì kú, orin tí wọ́n fi ń kí i káàbọ̀ bú jáde. Olóòtú ètò sáré wá: “Ẹ ṣé, Màmá, ó ti tó!”

“Kò tó!” Chechi ti dìde. “Yalla, ó yá, ẹ pa orin yẹn!”

Àwa náà bá a pariwo títí wọ́n fi pa á. Màmá jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ lórí pèpéle, ó ń ṣa òkúta nínú ìrẹsì tí kò sí níbẹ̀, ó sì ń bá ọmọ tí kò padà wálé sọ̀rọ̀. Ohùn náà há, ó wúwo, ó sì dé ọ̀dọ̀ wa lẹ́yìn pátápátá láìsí máìkì. Gbajúmọ̀ dúró síbi tó wà. Chechi kàn di ọwọ́ mi mú.

Ìgbà yẹn ló yé mi pé obìnrin tí mo ti ń yìn láti ọjọ́ yìí, ààbọ̀ rẹ̀ ni wọ́n fi hàn mí. Ẹ̀yin tí ẹ ṣètò òde yẹn, ta ló pàṣẹ kí wọ́n pa máìkì? Ẹ̀yin tí ẹ ń gbé fíìmù jáde, ta ló gbọ́ irú ohùn yẹn tó ní kí wọ́n gbé e pamọ́? Ẹ má dúró dìgbà tí ẹ óò máa kí i pé ó dìgbóṣe. Ẹ lọ fún un ní èsì àwọn ìbéèrè yìí lójúkojú, nígbà tó ṣì wà láàyè.